Orúkọ Tí Àríkẹ́ Sọ Àbúrò Ọkọ Rẹ̀

Bí ẹnikẹ́ni bá fẹ́ rí Abímbọ́lá Akínwálé níbi tí inú rẹ̀ ti dùn jù lọ láyé, kí ó yà sí ilé rẹ̀ ní Ìkẹ́rẹ́ ní ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀, nígbà tó bá ń ka ohun tí òun fúnra rẹ̀ kọ sí ìyàwó rẹ̀ létí. Ẹnu ọ̀nà ló máa ń jókòó sí. Yóò gbé ẹsẹ̀ lé ẹsẹ̀, yóò wúkọ́ díẹ̀, yóò sì bẹ̀rẹ̀. Janet, ìyàwó rẹ̀, yóò máa ṣa ẹ̀wà lọ́dọ̀ rẹ̀, yóò sì máa dáhùn "Ẹ̀n" níbi tó bá yẹ. Ọkùnrin náà gbà pé ibi tí "Ẹ̀n" náà bá ti gùn ni ìwé òun ti dára.

Tísà ni gbogbo ayé mọ̀ ọ́n sí. Ilé ẹ̀kọ́ ìjọ ló ti ń kọ́ àwọn ọmọ, ìjọ náà ló sì máa ń rán an lọ wàásù ní àwọn abúlé ọ̀nà Ìsẹ̀ àti Èmùré lọ́jọ́ Ìsinmi. Ṣùgbọ́n ìwé ìròyìn kan wà nígbà náà tí wọ́n ń tẹ̀ ní Ìbàdàn. Afojúrí ni orúkọ rẹ̀, ọ̀sẹ̀ọ̀sẹ̀ ló ń jáde, àárọ̀ Sátidé ló sì máa ń dé Ìkẹ́rẹ́. Ẹnì kan ń kọ̀wé sínú rẹ̀ láti ìhà Èkìtì, ó ń pe ara rẹ̀ ní Ẹlẹ́rìí. Ẹlẹ́rìí kì í kọ pé báyìí ni wọ́n ṣe ṣí ilé ẹ̀kọ́ tuntun, pé lágbájá ló gbàdúrà ìparí. Bí Ẹlẹ́rìí bá gbọ́ pé nǹkan ń rùn níbì kan, ibẹ̀ ni yóò forí lé. Yóò bi ọ̀rẹ́, yóò bi ọ̀tá, yóò wọ inú oko lọ wo àpá ara igi. Nígbà tó bá sì kọ ọ́, bí ẹni ń pa ìtàn ni, tí ẹni tó ń kà á yóò fi mọ irú fìlà tí olè dé àti ohun tí onílé ń jẹ lọ́wọ́ nígbà tí olè wọlé. Kò sí irọ́ níbẹ̀ o. Adùn ló wà níbẹ̀. Àwọn aránṣọ Ìkẹ́rẹ́ máa ń dá ẹsẹ̀ dúró lórí ẹ̀rọ wọn kí wọ́n lè gbọ́ ọ, kò sì sí ẹni tó mọ̀ pé Tísà Abímbọ́lá ni Ẹlẹ́rìí, àfi Janet àti ọ̀gá ìwé ìròyìn ní Ìbàdàn.

Ọ̀gá náà ti kọ̀wé sí i ní oṣù tó kọjá. Ó ní bí èyí tó ń wádìí lọ́wọ́ yìí bá jáde bó ṣe yẹ, kí ó máa bọ̀ ní Ìbàdàn, tábìlì àti àga ń dúró dè é. Ọdún mẹ́wàá ni Abímbọ́lá ti ń fẹ́ tábìlì yẹn. Ẹni tó bá ti fi ẹfun kọ̀wé sára pátákó fún ọdún mẹ́wàá yóò mọ ohun tí mò ń wí.

Ọ̀rọ̀ náà rèé. Abúlé kan wà láàárín Ìsẹ̀ àti Èmùré, wọ́n ń pè é ní Ìdí-Akòko. Àgbẹ̀ kan wà létí rẹ̀ tí ń jẹ́ Ògúnyẹmí, ọkùnrin jẹ́jẹ́ tó ń gbin iṣu àti kòkó díẹ̀. Nínú oṣù kẹta ọdún náà, ìyẹn ọdún kejì tí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ bẹ̀rẹ̀, ẹ̀ṣọ́ igbó ọba tí ń jẹ́ Ajíbádé mú un pé ó gé ìrókò láìgba àṣẹ. Ó tì í mọ́ inú ahéré kan lẹ́yìn ilé rẹ̀, pé bí ilẹ̀ bá mọ́ òun yóò mú un lọ sí kóòtù. Ilẹ̀ mọ́, Ajíbádé ní ẹyẹ ti fò. Ó ní Ògúnyẹmí já ilẹ̀kùn, ó ti gba ọ̀nà Kùmásí lọ. Àwọn ènìyàn gbà á gbọ́, nítorí ta ni kò mọ ẹni tó ti sá lọ sí Kùmásí rí? Ìyá Ògúnyẹmí nìkan ni kò gbà. Gbogbo ọjọ́ ọjà Èmùré ni ìyá arúgbó náà ń dúró sí ibùdókọ̀, tí ó ń bi gbogbo ẹni tó bá ti Kùmásí ní ilẹ̀ Gánà dé bóyá wọ́n rí ọmọ òun, ó pupa díẹ̀, ó ní àpá iná ní apá òsì.

Àríkẹ́ ló tú àṣírí náà. Ìyàwó Àlàbí ni, Àlàbí sì ni ẹ̀gbọ́n Ajíbádé, agbolé kan náà ni wọ́n ń gbé. Òun ló máa ń se oúnjẹ fún ẹni tí wọ́n bá tì mọ́lé. Lẹ́yìn ìsìn ní ọjọ́ Ìsinmi kan, ó dúró ti Abímbọ́lá níbi tó ti ń di ẹrù mọ́ kẹ̀kẹ́ rẹ̀, ó sì sọ̀rọ̀ láìgbójú sókè. Ó ní òun gbé iṣu lọ ní òwúrọ̀ ọjọ́ náà, òun bá Ògúnyẹmí ní ilẹ̀, ó ti gan. Igi ni wọ́n fi lù ú. Ó ní òun mọ ibi tí wọ́n sin ín sí, nínú oko ọ̀gẹ̀dẹ̀ ní ìsàlẹ̀ odò. Ó ní òun kì bá tí sọ ọ́, ṣùgbọ́n òun àti ìyá arúgbó yẹn ń pàdé ní ọjà, ìyá náà sì máa ń kí òun.

"Tísà, mo bímọ sí ulé yẹn," ni ó wí. "Fúnmiláyọ̀ nìkan ló kù fún mi. Bí wọ́n bá mọ̀ pé èmi ni, mo gbé."

Abímbọ́lá fi ọwọ́ lé Bíbélì tó wà lábẹ́ abíyá rẹ̀. "Ìyá Fúnmi, kò sí ẹni tí yóò mọ̀ láéláé," ni ó dáhùn. Ó sì gbà á gbọ́ nígbà tó sọ ọ́. Oṣù mẹ́ta gbáko ló fi wá ẹlòmíràn tó lè jẹ́rìí sí i. Ó rí awakọ̀ tó gbọ́ igbe, ó rí àgbẹ̀ tó rí ilẹ̀ tuntun nínú oko ọ̀gẹ̀dẹ̀. Ó kọ ọ́ débi pé kò sí obìnrin kankan nínú ìtàn náà rárá. Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun ó fi lé awakọ̀ Ìbàdàn lọ́wọ́.

Ẹ̀dà tó fi kábọ̀n kọ ló wá ń ka sí Janet létí ní ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀ yìí. Ó wúkọ́. Ó ní, "Fetí sí àkọlé rẹ̀ ná. 'Arìnyẹ, Níbo Lo Gbé Ògúnyẹmí Sí?'"

Kò gbọ́ "Ẹ̀n." Ó tún un kà.

"Ta ni Arìnyẹ?" ni Janet bi í.

"Ajíbádé ẹ̀ṣọ́ ni. Bí wọ́n ṣe ń pè é nìyẹn. Ṣé o ò rí i bí ó ti dùn létí? Agbéraga ni, bó bá wọ kakí rẹ̀ tó ń rìn bọ̀…"

"Àwọn ta ni wọ́n ń pè é bẹ́ẹ̀?"

"Àwọn ará ilé rẹ̀."

"Gbogbo ará ulé rẹ̀, àbí ẹnì kan?"

Abímbọ́lá gbé ojú kúrò lára bébà. Janet ti da ẹ̀wà ọwọ́ rẹ̀ padà sínú àwo.

"Bàbá Yínká, kí ni mo ń pe àbúrò yín Akíndélé?"

"Opó-ilé."

"Ta tún ni ó ń pè é ní Opó-ulé láyé yìí?"

Kò sí. Abímbọ́lá mọ̀ pé kò sí. Nígbà tí Janet wọ ilé wọn gẹ́gẹ́ bí ìyàwó, Akíndélé ti wà nílẹ̀, ọkọ rẹ̀ kékeré sì ni, kò gbọdọ̀ la orúkọ mọ́ ọn lórí. Òun fúnra rẹ̀ ló wá orúkọ fún un. Ìyàwó kejì tó wọ agbolé náà ní orúkọ tirẹ̀ tó fún Akíndélé. Bí ènìyàn bá dúró sí ẹ̀yìn ògiri tó gbọ́ "Opó-ilé," kò nílò kí ó yọjú kí ó tó mọ ẹni tó ń sọ̀rọ̀.

"Uyàwó ulé ni í sọ ẹni ní Arìnyẹ," ni Janet wí, ohùn rẹ̀ sì lọ sílẹ̀. "Ọkùnrin ò jẹ́ sọ ọkùnrin bẹ́ẹ̀. Bàbá Yínká, ẹ ti kọ orúkọ obìnrin yẹn síbẹ̀ gàdàgbà."

Kí ni Abímbọ́lá yóò wí? Pé òun kò mọ àṣà náà? Ta ni kò mọ̀ ọ́n nílẹ̀ Yorùbá? Ó mọ̀ ọ́n bí ó ti mọ ọ̀nà ilé rẹ̀. Nígbà tí Àríkẹ́ ń sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ náà, kò pe Ajíbádé lórúkọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. "Arìnyẹ na Ògúnyẹmí, Arìnyẹ sin ín, Arìnyẹ fọ ọwọ́, ó ní kí n gbé oúnjẹ wá." Àní bí ọkùnrin náà ti pànìyàn tó, obìnrin náà kò lè la orúkọ mọ́ ọkọ rẹ̀ lórí. Abímbọ́lá gbọ́ orúkọ náà, ó dùn mọ́ ọn, ó ti ń rò ó bí yóò ti rí ní lẹ́tà ńláńlá. Àkọlé ló bò ó lójú. Ọgbọ́n orí pọ̀ lọ́wọ́ àwa akọ̀wé, ṣùgbọ́n ìgbéraga wa ló máa ń ṣáájú rẹ̀ rìn.

Ẹ̀rù bà á. Kò jẹun.

Ní kùtùkùtù ọjọ́ Ẹtì, ó ránṣẹ́ sí ilé ẹ̀kọ́ pé ara òun kò yá, ó wọ lọ́rì lọ sí Àkúrẹ́, ó tẹ wáyà sí Ìbàdàn: Ẹ YỌ ARÌNYẸ KÚRÒ. Ẹ̀MÍ WÀ NÍNÚ EWU. Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì ní pósọ́fíìsì láti aago mẹ́sàn-án. Ní gbogbo ìgbà tí ẹ̀rọ bá ti ń dún tatata, ó ń dìde. Akọ̀wé ibẹ̀ sọ fún un pé kí ó jókòó, pé bí èsì bá dé, àwọn yóò pè é. Aago méjì kọjá kí wọ́n tó pè é. Èsì náà kúrú: ÌWÉ TI KÚRÒ LÓRÍ Ẹ̀RỌ. ÀKỌLÉ DÙN PÚPỌ̀. O KÚ IṢẸ́.

Ó kà á lẹ́ẹ̀mẹta. Lẹ́yìn náà ó ká a sínú àpò bí ẹni ká ìwé ẹ̀wọ̀n. Ilẹ̀ ti ṣú kí ó tó rí ọkọ̀ padà sí Ìkẹ́rẹ́.

Lọ́rì tó máa kó Afojúrí lọ sí Ìsẹ̀ àti Èmùré kì í kúrò ní Ìkẹ́rẹ́ kí ó tó di aago mẹ́jọ òwúrọ̀ Sátidé. Abímbọ́lá ti gun kẹ̀kẹ́ rẹ̀ kí àkùkọ kejì tó kọ. Janet di iyán àná sínú ewé fún un, kò sì sọ ohunkóhun ju "Ẹ mú obìnrin náà wá. Yóò gbé ọ̀dọ̀ wa" lọ. Ó wa kẹ̀kẹ́ náà bí ẹni tí ẹkùn ń lé. Ṣùgbọ́n òjò ti rọ̀ lóru, ọ̀nà ti di ẹrẹ̀, nígbà tó sì kọjá Ìsẹ̀, ṣéènì já. Ó kúnlẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà, ó ń fi òkúta lù ú, ọwọ́ rẹ̀ dúdú fún girisi. Ibẹ̀ ló wà nígbà tó gbọ́ ariwo ẹ́ńjìnnì lẹ́yìn. Lọ́rì kọjá, ó ta ẹrẹ̀ sí i láṣọ. Lórí ẹrù tó wà lókè rẹ̀ ni ìdì bébà kan wà tí wọ́n fi okùn so. Abímbọ́lá sunkún níbẹ̀, àgbàlagbà ọkùnrin, lójú títì, kò sì tijú. Lẹ́yìn náà ó ju kẹ̀kẹ́ sínú koríko, ó sì sáré.

Oṣù kọkànlá ni, kòkó ti gbó, gbogbo iwájú ilé ní Ìdí-Akòko ló kún fún ẹní tí wọ́n sá kòkó sí. Àríkẹ́ wà níwájú ilé wọn, ó ń fi igi tú kòkó ká nínú oòrùn. Ọkọ rẹ̀, Àlàbí, ọkùnrin tí kì í sọ ju gbólóhùn méjì lọ lójúmọ́, jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ògiri, ó ń pọ́n àdá. Kò tíì sí ariwo. Abímbọ́lá dúró, ó mí, ó rọra súnmọ́ ọn bí ẹni tó wá kí ará ìjọ rẹ̀.

"Ìyá Fúnmi, ẹ má wò mí lójú," ni ó wí. "Mo ti ṣẹ̀ yín. Mo kọ orúkọ tí ẹ ń pè é sínú ìwé."

Igi ọwọ́ Àríkẹ́ dúró. "Orúkọ wo?"

"Arìnyẹ."

Obìnrin náà kò pariwo. Bí ó bá pariwo ni, ì bá sàn fún Abímbọ́lá. Ó tún fi igi tú kòkó ká. "Ẹni kan ṣoṣo ni í pè é bẹ́ẹ̀," ni ó wí. "Ọmọ ọdún méjìlá ni nígbà tí mo délé. Òun ló ru àpótí mi. Ó ń rìn níwájú mi bí ọmọ ọba, mo sì rẹ́rìn-ín."

"Ẹ jẹ́ ká máa lọ báyìí. Ìyàwó mi ní kí n mú yín wá."

"Fúnmiláyọ̀ ti lọ s'ódò."

"Ẹ jẹ́ ká lọ pàdé rẹ̀ lọ́nà odò."

Ó ń nu ọwọ́ sí aṣọ rẹ̀, ó ti fẹ́ gbé ẹsẹ̀, nígbà tí ohùn kan ké láti ọ̀nà títì: "Tísà! Ọlọ́run ló rán yín!"

Ajíbádé ló ń bọ̀, nínú ṣòkòtò kakí rẹ̀ tí wọ́n lọ̀ gbẹ́ńgẹ́, Afojúrí wà lọ́wọ́ rẹ̀, bí ènìyàn mẹ́wàá sì tẹ̀ lé e. Ọkùnrin tó mọ̀ ọ́n rìn ni lóòótọ́. Ó ń rẹ́rìn-ín. "Awakọ̀ ní wọ́n kọ orúkọ abúlé wa sínú ìwé! Ìdí-Akòko, nínú ìwé Ìbàdàn! Kò ráyè kà á fún wa. Ẹ wá kà á, Tísà, kí gbogbo wa gbọ́."

Kò sí ẹnìkan nínú àwọn àgbà tó wà níbẹ̀ tó mọ ìwé. Abímbọ́lá wo ojú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì rí i pé Ọlọ́run ṣí ilẹ̀kùn kékeré kan fún òun. Ó gba ìwé náà. Ó ṣí i sí àárín, ó gbé e sókè níwájú ojú rẹ̀ kí wọ́n má baà ka irọ́ lójú rẹ̀. Ẹlẹ́rìí, tí kò purọ́ rí nínú ìwé, wá bẹ̀rẹ̀ sí í pa á bí ẹni ń ka Sáàmù.

"'Ọ̀nà Ìdí-Akòko,'" ni ó kà. "'Ìjọba ti pinnu láti tún ọ̀nà tó lọ láti Ìsẹ̀ dé Èmùré ṣe. Wọn yóò kọ afárá tuntun sí odò Ìdí-Akòko, nítorí pé kòkó ibẹ̀ dára púpọ̀…'"

"Yéè!" ni àwọn ènìyàn hó. Obìnrin kan bẹ̀rẹ̀ sí í jó. Ajíbádé pàtẹ́wọ́. Abímbọ́lá ń bá a lọ, ó fi orúkọ òṣìṣẹ́ ìjọba tí kò sí láyé kún un, ó fi iye bíríkì kún un. Òógùn ń ṣàn sí i lójú. Ó rí Àríkẹ́ tó ń fà sẹ́yìn díẹ̀díẹ̀ sí ọ̀nà odò. Ẹsẹ̀ mẹ́wàá sí i, yóò ti wọ inú ọ̀gbìn kòkó.

Ohun tí kò rò ni pé bí ó ti ṣí ìwé náà sí àárín, ojú ewé kìíní ló kọjú sí àwọn ènìyàn.

Fúnmiláyọ̀ gba ẹ̀yìn ilé ti odò bọ̀, ìkòkò omi wà lórí rẹ̀. Ó jẹ́ ọmọ ọdún méje, kíláàsì kejì ló wà, òun ló sì mọ̀wé jù nínú àwọn tó ń lọ sí ilé ẹ̀kọ́ tuntun tí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ mú wá sí abúlé náà. Gbogbo ohun tó bá ti ní lẹ́tà ló máa ń kà: agolo kẹrosín, ara lọ́rì, àpò sìmẹ́ńtì. Ó sọ ìkòkò kalẹ̀, ó sún mọ́ ìwé náà, ó fi ìka tọ́ lẹ́tà ńláńlá.

"A… Arìn… Arìnyẹ." Ojú rẹ̀ là. "Màmá! Orúkọ tí ẹ ń pe bọ̀dá wa ló wà nínú ìwé!"

Obìnrin tó ń jó dúró.

"Níbo… lo… gbé…" Ọmọ náà ń bá a lọ pẹ̀lú ayọ̀, kò sì sí ẹni tó ní agbára láti dá a dúró. "Ò… gún… yẹ… mí… sí. Ògúnyẹmí sí! Mo kà á tán!"

Ẹ̀rín kúrò lójú Ajíbádé díẹ̀díẹ̀. Ó gba ìwé kúrò lọ́wọ́ Abímbọ́lá. Ó wò ó, bẹ́ẹ̀ ni kò mọ ohun tó ń wò. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí ọ̀nà odò.

"Ìyàwó wa," ni ó wí, jẹ́jẹ́. "Ẹ padà wá ná."

Àríkẹ́ lè sá. Abímbọ́lá ń fi ojú bẹ̀ ẹ́ pé kí ó sá. Ṣùgbọ́n ọmọ rẹ̀ wà láàárín àwọn ènìyàn, ó di ẹ̀gbẹ́ ìwé mú, ó ń retí kí wọ́n yìn ín. Àríkẹ́ padà. Ó fa ọmọ náà mọ́ra.

"Èmi ni," ni ó wí. "Arìnyẹ, èmi ni mo sọ ọ́. Ìyá Ògúnyẹmí ń kí mi lọ́jà. Oṣù mẹ́jọ ló fi ń kí mi. Ó wà nínú oko ọ̀gẹ̀dẹ̀ yín, nísàlẹ̀ odò, lẹ́bàá ugi ọsàn. Mo gbé uṣu lọ fún un, mo bá a n'úlẹ̀."

Ajíbádé nawọ́ mú àdá tó so mọ́ ìbàdí rẹ̀. Abímbọ́lá kò mọ ìgbà tí òun bọ́ sí àárín wọn. Ó gbọ́ ohùn ara rẹ̀ tó ń sọ pé "Èmi ni kí o bá jà, èmi ni mo kọ ọ́," ṣùgbọ́n bóyá ni ẹnikẹ́ni gbọ́.

Àlàbí ló dìde. Ó gbé àdá tó ń pọ́n sílẹ̀. Ó na ọwọ́ sókè sí ẹ̀bá òrùlé, ó mú ọkọ́. Ó kọjá lára ìyàwó rẹ̀ láìwò ó, ó dúró níwájú àbúrò rẹ̀.

"Bí kò bá sí nǹkan níbẹ̀," ni ó wí, "a ó ti ro oko ọ̀gẹ̀dẹ̀ rẹ fún ọ."

Ó mú ọ̀nà odò pọ̀n. Ẹnì kan tẹ̀ lé e, ẹlòmíràn tẹ̀ lé e, títí tí gbogbo ọkùnrin ibẹ̀ fi lọ. Ajíbádé nìkan ló ṣẹ́kù nínú wọn pẹ̀lú àdá lọ́wọ́, kakí rẹ̀ sì mọ́ kedere. Lẹ́yìn náà ó wọ inú igbó ọba tí ó ti ń ṣọ́ láti ọjọ́ pípẹ́ wá. Ọjọ́ kẹta ni àwọn ọlọ́pàá tó mú un ní ọ̀nà Àkúrẹ́.

Wọ́n rí Ògúnyẹmí. Ìyá rẹ̀ sin ín sí ẹ̀yìn ilé rẹ̀, kò sì lọ sí ibùdókọ̀ mọ́. Afojúrí tà débi pé wọ́n tún un tẹ̀. Ọ̀gá Ìbàdàn kọ̀wé pé kí Ẹlẹ́rìí máa bọ̀ ní oṣù kìíní.

Agbolé Àlàbí ṣe ìpàdé pẹ̀lú. Wọn kò ní Àríkẹ́ purọ́. Wọ́n ní òótọ́ ló sọ, ṣùgbọ́n ẹni tó mú ọlọ́pàá wọ ilé ọkọ kò lè sun inú ilé náà mọ́. Àlàbí jókòó níbẹ̀, ó tẹ orí ba, kò lè bá ẹbí rẹ̀ jà lẹ́ẹ̀kejì. Ó jọ pé gbogbo agbára tó ní láyé ló ti ná sí oko ọ̀gẹ̀dẹ̀ yẹn. Àríkẹ́ kó ẹrù rẹ̀ lọ sí ilé bàbá rẹ̀ ní Èmùré. Kò fẹ́ ilé Janet. Agbolé Àlàbí ní ilé bàbá ni ọmọ í gbé, wọ́n sì dá Fúnmiláyọ̀ dúró.

Ọ̀sẹ̀ méjì kí ó tó lọ sí Ìbàdàn ni Abímbọ́lá pàdé tísà Ìdí-Akòko. Kò béèrè ohunkóhun lọ́wọ́ rẹ̀, ọkùnrin náà ló ń ráhùn fúnra rẹ̀. "Ọmọ tó mọ̀wé jù lọ́dọ̀ mi ti yadi," ni ó wí. "Bí mo bá ní kí ó dìde kàwé, yóò dìde, kò ní ya ẹnu. Mo nà án títí, ó sú mi."

Abímbọ́lá kò lè sùn. Ní ọjọ́ kejì ó gun kẹ̀kẹ́ lọ. Àkókò ìsinmi ni nígbà tó dé ilé ẹ̀kọ́ náà, àwọn ọmọ ń pariwo ní pápá. Fúnmiláyọ̀ dá jókòó sórí bẹ́ǹṣì lábẹ́ ìbòòji, ìwé kíkà rẹ̀ wà ní pípadé lórí itan. Ó kúnlẹ̀ kí i. Abímbọ́lá jókòó tì í.

"Wọ́n ní o kì í kàwé sókè mọ́."

Ọmọ náà mi orí.

"Kí ló dé?"

"Ẹ̀yin ń kà á dáadáa lọ́jọ́ yẹn, Tísà. Ẹ ń ka ti afárá. Inú gbogbo wọn ń dùn. Èmi ni mo ka ti búburú." Ó fi àtẹ́lẹwọ́ bo ìwé rẹ̀. "Bí mo bá dákẹ́ ni, màmá mi ìbá wà n'úlé."

Gbogbo ìgbà tí Abímbọ́lá fi ń rò pé òun jìyà, kò rò ó rí pé ẹnìkan wà tó ti gba ẹ̀bi náà, tó gbé e lé orí, tó ń gbé e lọ sí ilé ẹ̀kọ́ lójoojúmọ́.

"Irọ́ ni mo ń pa lọ́jọ́ yẹn," ni ó wí. "Kò sí afárá nínú ìwé. Ohun tí ìwọ kà ló wà níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni o ṣe kà á. Èmi ni mo kọ ọ́. Màmá rẹ bẹ̀ mí kí n bo òun, èmi ni mo fi orúkọ yẹn síbẹ̀ nítorí ó dùn mọ́ mi."

Fúnmiláyọ̀ gbé ojú sókè wò ó. Kò sunkún. "Ẹ̀yin lẹ kọ ọ́?"

"Èmi ni."

"Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé, nígbà náà," ni ọmọ náà wí. "Ẹ kọ ọ́ pé kì í ṣe èmi. Kí àwọn ará ulé wa gbọ́."

Abímbọ́lá mọ ohun tó ń béèrè, bí ọmọ náà kò tilẹ̀ mọ̀. Bí Ẹlẹ́rìí bá fi ẹnu ara rẹ̀ sọ pé òun ló tú ẹni tó fọkàn tán òun fó, ta ni yóò tún bá a sọ̀rọ̀ lẹ́bàá kẹ̀kẹ́ láé? Ọ̀gá wo ni yóò tún fún un ní tábìlì? Síbẹ̀ ó yọ ìwé àkọsílẹ̀ àti pẹ́ńsùlù rẹ̀ jáde, ó gbé e lé orókún.

"Èmi," ni ó kọ. Fúnmiláyọ̀ sún mọ́ ọn, ó tẹ orí wò ó.

"Èmi," ni ọmọ náà kà sókè.

"Abímbọ́lá Akínwálé," ni ó kọ.

"Abím… bọ́lá… Akínwálé." Ohùn rẹ̀ há díẹ̀ nítorí ó pẹ́ tó ti lò ó. Bí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan ti ń jáde lábẹ́ pẹ́ńsùlù ni ó ń kà á, ìka rẹ̀ sì wà lórí rẹ̀, kí ó lè dá a lójú pé Tísà kò tún ń purọ́.